Agolo Òjò Tó Ṣófo

Bàbá Olójò ti fẹ̀yìn tì, àmọ́ ta ló ń fẹ̀yìn tì kúrò lára òkè? Ọdún mọ́kànlélọ́gbọ̀n ló fi wọn òjò lórí òkè kan tó ní orí mẹ́ta, kó tó fa iṣẹ́ náà lé ọmọ rẹ̀ obìnrin lọ́wọ́. Orí àárín ló ga jù, òjò kì í sì í wọ́n níbẹ̀. Orí kejì wà lẹ́yìn rẹ̀, aláìríjẹ ni: kí ìkùukùu tó dé ọ̀dọ̀ rẹ̀, èyí àárín ti gba omi inú ẹ̀ tán. Ẹ̀kẹta ńkọ́? Òtútù nìkan ló mọ̀. Agolo kọ̀ọ̀kan wà lórí mẹ́tẹ̀ẹ̀ta tí wọ́n fi ń gba òjò láti mọ bó ṣe rọ̀ tó.

Lọ́jọ́ tí à ń wí yìí, orí àárín nìkan lọmọ náà lọ láàárọ̀. Ọ̀sán pọ́n, kò sọ̀ kalẹ̀. Kùrukùru sì ti bo òkè dé ìbàdí.

Ìyàwó Bàbá Olójò ní, "Bàbá àwọn ọmọ, ẹ jẹ́ ká pe èèyàn kún yín."

"Èmi? Òkè tí mo lè dijú gùn!"

Àgbà kì í gbọ́ràn! Ó fa fìlà onírun bo etí méjèèjì, ó gbọ̀nà.

Nígbà tó gòkè tán, kò rí ọwọ́ ara rẹ̀. Ó táràrà títí ó fi kan agolo, ó tọwọ́ bọ̀ ọ́. Ó ṣófo.

"Háà! Orí àárín kọ́ rèé." Ó gbà pé òun ti ṣìnà dé orí kejì. Síbẹ̀, òkúta abẹ́ ẹsẹ̀ rẹ̀ ò jọ ti ibẹ̀. Atẹ́gùn tó yẹ kó máa gbá a lẹ́rẹ̀kẹ́ ń gbá a nípàkọ́. Ọ̀rọ̀ náà rú u lójú pátápátá. Ó yí sọ́tùn-ún, ó yí sósì, ó bá tirẹ̀ lọ.

Ó ti rìn kiri fún wákàtí méjì kó tó dúró gbọnrangandan. Ẹ̀yin náà ẹ wò ó: ta ní ń da omi agolo nù láràárọ̀ tó bá ti wọ̀n ọ́n tán? Ṣé kì í ṣe ọmọ yìí náà ni? Ó ṣí fìlà kúrò létí, ó sáré padà.

Ẹ̀yìn àpáta, kò tó ìṣísẹ̀ mẹ́wàá sí agolo, ló ti gbọ́ ìkérora. Ẹsẹ̀ ọmọ náà ti dá, ètè rẹ̀ ti dúdú fún òtútù.

"Bàbá mi, ẹ ti wá lẹ́ẹ̀kan. Mo gbọ́ tí agolo dún. Mo pè yín, mo pè yín. Ẹ lọ."

"Mo rò pé ibí kọ́ ni."

"Ibo wá lẹ rò pé mo wà?"

Bàbá Olójò bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó gbé ọmọ ọdún mẹ́tàlélọ́gbọ̀n pọ̀n.