Àwọn Ará Àbàtà Ẹ̀yìn Ilé Wa

Nígbà tí mo ṣì kéré, tí eyín iwájú mi tó yọ kò tíì hù tán, ni wọ́n fi ọkọ̀ òfuurufú gbé mi wá bá àwọn òbí mi ní London. Ọ̀dọ̀ ìyá ìyá mi ní Ìjẹ̀bú ni mo ti ń gbé tẹ́lẹ̀. Ẹ̀yin ọmọ tí ẹ ń rí Yorùbá ní gbogbo ibùdókọ̀ Thamesmead lónìí, tí ẹ ń gbọ́ orin ìyìn láti inú ilé ìkẹ́rùsí tí wọ́n sọ di ṣọ́ọ̀ṣì ní gbogbo ọjọ́ Àìkú, ẹ má rò pé bẹ́ẹ̀ ló ṣe wà láti ìbẹ̀rẹ̀. Ilé kọnkéré tuntun ni gbogbo rẹ̀ nígbà náà, ó funfun, ó tutù, afẹ́fẹ́ odò sì ń fẹ́ gba àárín wọn kọjá tọ̀sán-tòru. Bàbá mi ń wa bọ́ọ̀sì, ìyá mi ń tọ́jú aláìsàn ní ilé ìwòsàn. Àwa nìkan ni èèyàn dúdú ní òpópónà wa.

Lẹ́yìn ilé wa, àbàtà ló lọ títí dé etí odò. Koríko gíga wà níbẹ̀, ẹrẹ̀ wà níbẹ̀, àwọn ẹṣin sì wà níbẹ̀ tí wọ́n so mọ́lẹ̀. Àwọn tó ni ẹṣin náà ń gbé inú ilé onítáyà, irú èyí tí wọ́n ń fi mọ́tò fà láti ibì kan dé ibòmíràn. Àwọn aládùúgbò wa ń pè wọ́n ní Jípísì, bí ẹni ń tutọ́ dànù ni wọ́n sì ń pè é. Rómánì ni àwọn fúnra wọn ń pe ara wọn. Ní ọ̀sẹ̀ tí mo dé, obìnrin tó ń gbé ìsàlẹ̀ wa wá kìlọ̀ fún ìyá mi pé kó má jẹ́ kí n rìn débẹ̀, pé wọ́n ń jí ọmọ gbé. Ìyá mi dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀, ó rọra ti ilẹ̀kùn, ó wá sọ fún mi pé obìnrin kan náà yìí ló ń sọ fún àwọn èèyàn pé àwa ń jẹ ẹran ara èèyàn.

Ní ilé ìwé, tábìlì kan wà lẹ́yìn pátápátá, níbi tí a ń fi kóòtù kọ́. Ibẹ̀ ni olùkọ́ fi mí sí. Mo bá ọmọbìnrin kan níbẹ̀, ọmọ àbàtà. Irun rẹ̀ dúdú bíi tèmi, ṣùgbọ́n ara rẹ̀ funfun bíi ti olùkọ́ wa. Kò sí ọmọ tó fẹ́ jókòó tì í, wọ́n ní ó ń rùn. Èmi jókòó tì í, òórùn ọṣẹ nìkan ni mo gbọ́. Èdè Gẹ̀ẹ́sì kò tíì yọ̀ mọ́ mi lẹ́nu, òun kò sì mọ ìwé kà, nítorí pé bí wọ́n bá ti fi í sí ilé ìwé kan báyìí ni wọ́n ń lé bàbá rẹ̀ kúrò ní àdúgbò ibẹ̀. Ó ń kọ́ mi bí ọ̀rọ̀ ṣe ń jáde lẹ́nu, èmi náà ń fi ìka tọ́ ọ sórí lẹ́tà. Bí a ṣe di ọ̀rẹ́ nìyẹn. Àwọn ọmọ yòókù kò dá wa lóró ní ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ mọ́, wọ́n ń dá wa lóró pọ̀.

Ìyá rẹ̀ ti kú. Bàbá rẹ̀ àti ìyá bàbá rẹ̀ ló ní. Lọ́jọ́ tí mo kọ́kọ́ bá a délé, ìyá àgbà yìí jókòó sórí àga níta, ó ń bó ọ̀dùnkún. Kò bi mí léèrè ibi tí mo ti wá. Ó bi mí bóyá mo ti jẹun. Inú ilé wọn mọ́ tó bẹ́ẹ̀ tí ẹ̀rù fi ń bà mí láti jókòó. Abọ́ tí wọ́n fi ń bọ́jú yàtọ̀ sí èyí tí wọ́n fi ń fọ àwo, ti aṣọ fífọ̀ tún wà lọ́tọ̀, bí ẹnikẹ́ni bá sì ṣì wọ́n lò, wọn á sọ abọ́ náà nù. Ajá wọn kì í tẹ ẹnu ọ̀nà. Nígbà tí mo ròyìn fún ìyá mi, ó ní ọmọ tí wọ́n bá tọ́ nínú irú ilé bẹ́ẹ̀, òun ò lè ní kí n má bá a ṣeré.

Ẹnu ìyá àgbà yẹn ni mo ti gbọ́ ìtàn wọn. Ó ní kí wọ́n tó to bíríkì kan lé òmíràn ní Thamesmead, ìran òun ti ń lo ìgbà òtútù lórí àbàtà náà. Bí ẹ̀ẹ̀rùn bá dé, wọn a lọ sí Kent, wọn a já èso, wọn a ká họ́ọ̀pù tí àwọn òyìnbó fi ń pọn bíà. Àwọn àgbẹ̀ ń wá wọn lójú méjèèjì nígbà ìkórè. Bí ìkórè bá tán, àwọn àgbẹ̀ kan náà á ránṣẹ́ pe ọlọ́pàá. Ó ní òfin kan wà láyé àtijọ́, ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì yìí, tí wọ́n fi ń so ìran wọn kọ́ láìjẹ́ pé wọ́n jalè, kìkì pé wọ́n jẹ́ ẹni tí wọ́n jẹ́. Nígbà ogun Hitler, wọ́n kó àwọn Rómánì tó wà ní òkè òkun sínú àgọ́, wọ́n sì pa wọ́n níbẹ̀ bí wọ́n ti pa àwọn Júù. Àbúrò rẹ̀ ọkùnrin jagun fún ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì nínú ogun ọ̀hún. Ó padà dé, ọlọ́pàá sì lé e kúrò ní etí títì pẹ̀lú aṣọ ológun lọ́rùn.

Wọ́n ní èdè tiwọn. Pani ni wọ́n ń pe omi. Mo rẹ́rìn-ín nígbà tí mo gbọ́ ọ, mo sọ fún ìyá àgbà pé ní èdè tiwa, ohun tó bá ń ṣekú pa èèyàn ni à ń sọ pé ó ń pani. Òun kò rẹ́rìn-ín. Ó ní kò burú, nítorí pé odò ti kún wọ àbàtà náà rí, ó sì gbé ilé wọn lọ.

Nígbà tí òtútù dé ni ọ̀rọ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í le. Ẹ̀rọ omi kan wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ibi ìgbọ́kọ̀sí wa tí àwọn ará àbàtà ti ń pọn omi. Àwọn aládùúgbò fẹjọ́ sùn, àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba sì wá dí i pa. Ní ọjọ́ kejì, ìyá àgbà àti ọ̀rẹ́ mi dúró lẹ́nu ọ̀nà wa pẹ̀lú kẹ́ẹ̀gì lọ́wọ́. Ìyá àgbà ń wúkọ́, ikọ́ tó ń ti ìsàlẹ̀ àyà wá. Ìyá mi ní kí wọ́n wọlé wá pọn ún nínú ilé ìdáná wa, kí wọ́n sì máa wá bẹ́ẹ̀ lójoojúmọ́.

Bàbá mi kò fẹ́. Kì í ṣe ìkà èèyàn o. Ó ti pẹ́ tó ti ń wá ilé ní London, wọ́n ti ti ilẹ̀kùn mọ́ ọn lójú ju bó ṣe lè kà lọ, ẹ̀rù sì ń bà á. Ó sọ fún ìyá mi pé, "Orúkọ burúkú tiwa ò tíì tán lára wa, o tún fẹ́ gba ti ẹlòmíràn kún un."

Ìyá mi ń bu ọbẹ̀ fún un lọ́wọ́ nígbà náà. Kò gbójú sókè. Ó ní, "Bàbá ọmọ mi, omi ni wọ́n tọrọ."

Ohun tí bàbá mi bẹ̀rù sì ṣẹlẹ̀. Wọ́n da ìdọ̀tí sí ẹnu ọ̀nà wa. Obìnrin ìsàlẹ̀ kò dá ìyá mi lóhùn mọ́ bó bá kí i. Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kan, a ń jẹun lọ́wọ́, òkúta fọ́ fèrèsé wa wọlé. Bàbá mi kúnlẹ̀, ó ń ṣa àfọ́kù dígí náà. Mo rò pé yóò ní kí ìyá mi ṣíwọ́. Kò sọ ọ́. Láti ọjọ́ náà, bí kò bá sí lẹ́nu iṣẹ́, òun ló ń gbé kẹ́ẹ̀gì náà sọ̀kalẹ̀ fún wọn.

Ikọ́ ìyá àgbà kò lọ. Ìyá mi mú un lọ sọ́dọ̀ dókítà àdúgbò, wọ́n ní ẹni tí kò ní àdírẹ́sì, àwọn kì í gbà á. Ìyá mi ní kí wọ́n lo àdírẹ́sì tòun. Wọ́n wo ìyá àgbà láti orí dé ẹsẹ̀, wọ́n ní ó tì. Nígbà tó yá tí kò lè dìde mọ́, ìyá mi fi bọ́ọ̀sì gbé e lọ sí ilé ìwòsàn tó ti ń ṣiṣẹ́, ó fi ara rẹ̀ gbé e ró títí wọ́n fi dé. Àìsàn ti wọ ẹ̀dọ̀fóró. Wọ́n dá a dúró sí wọ́ọ̀dù.

Orí bẹ́ẹ̀dì ló wà nígbà tí wọ́n wá lé àwọn èèyàn rẹ̀.

Èmi àti ọ̀rẹ́ mi wà ní kíláàsì lówùúrọ̀ yẹn, ó ń ka ìwé sí mi létí. Ó ti bẹ̀rẹ̀ sí í mọ̀ ọ́n kà, bí ó bá ka ìlà kan já, yóò wo ojú mi. Bàbá rẹ̀ kan ilẹ̀kùn, ẹrẹ̀ bò ó dé orúnkún, fìlà rẹ̀ wà lọ́wọ́ rẹ̀. Ó ní àwọn ọlọ́pàá àti katakata ti wà lórí àbàtà, àwọn gbọ́dọ̀ kúrò, òun wá mú ọmọ òun. Olùkọ́ kò béèrè ibi tí wọ́n ń lọ. Ó na ọwọ́ sí ọmọ náà, ó ní, "Dá ìwé wa padà kí o tó lọ." Ọ̀rẹ́ mi pa ìwé náà dé, ó gbé e fún un, ó tẹ̀lé bàbá rẹ̀. Kò wẹ̀yìn. Mo ti dàgbà, mo ti rí ikú lóríṣiríṣi nínú iṣẹ́ nọ́ọ̀sì tí mo ṣe, síbẹ̀ ọwọ́ olùkọ́ yẹn ni mo máa ń rí bí wọ́n bá sọ pé ẹnì kan ṣìkà.

Nígbà tí mo délé, ipa táyà àti eérú ló kù. Wọ́n ti fi katakata wa kòtò sí ẹnu ọ̀nà àbàtà kí ẹnikẹ́ni má bàa lè padà wọ ibẹ̀.

Ìyá àgbà kú ní wọ́ọ̀dù kí ọ̀sẹ̀ náà tó parí. Ìyá mi ló di ọwọ́ rẹ̀ mú. Ó ní títí ó fi kú ló ń béèrè bóyá wọ́n ti pọn omi. Kò sí ẹni tó mọ ibi tí àwọn ọmọ rẹ̀ wà. Àwọn ọlọ́pàá ní iṣẹ́ àwọn ni láti lé wọn kúrò, kì í ṣe láti mọ ibi tí wọ́n dé. Lọ́jọ́ kan tí bàbá mi tètè kúrò níbi iṣẹ́, ó yá ọkọ̀ ọ̀rẹ́ rẹ̀ kan, ó ń wa á lọ ní gbogbo ọ̀nà tó lọ sí Kent, ó ń wo etí títì. Èmi jókòó lẹ́yìn. Ẹ̀bá títì kan lẹ́yìn Dartford la ti rí wọn, àwọn lọ́rì ńlá ń kọjá, ilé onítáyà náà sì ń mì. Bàbá mi sọ̀kalẹ̀, ó ṣí fìlà. Kò tíì sọ̀rọ̀ kí bàbá ọ̀rẹ́ mi tó mọ̀. Ọkùnrin náà jókòó sórí ilẹ̀ tútù, bàbá mi sì jókòó tì í pẹ̀lú aṣọ iṣẹ́ rẹ̀.

Èrò pọ̀ lọ́jọ́ ìsìnkú. Láti ìlú jíjìn ni àwọn Rómánì ti wá, wọ́n wọ dúdú, wọ́n mú òdòdó wá. Bí wọ́n ti ń kọjá, bẹ́ẹ̀ ni àwọn ṣọ́ọ̀bù ń ti ilẹ̀kùn, ilé ọtí sì ti kọ ọ́ sí ojú fèrèsé pé àwọn kò gba Jípísì. Òkú ni wọ́n ń sin o. Ìyá mi se tíì sínú ìkòkò ńlá, àwọn èèyàn náà sì ń mu ún ní orí àtẹ̀gùn wa, nítorí pé yàrá wa kò gbà wọ́n. Ọ̀rẹ́ mi dúró tì mí.

Ẹ̀ẹ̀kan péré ni mo tún rí i lẹ́yìn náà. Àwa méjèèjì ti di ìyá ọmọ. Ní Powis Street, ní Woolwich tó wà lẹ́bàá wa, ni, ó ń tajà nínú ṣọ́ọ̀bù aṣọ kan, mo sì dá ojú rẹ̀ mọ̀ lójú ẹsẹ̀. Inú mi dùn, mo bẹ̀rẹ̀ sí í béèrè bàbá rẹ̀, mo dárúkọ àbàtà. Ojú rẹ̀ yí padà. Ó fà mí sẹ́gbẹ̀ẹ́ ibi tí wọ́n kó aṣọ rọ̀ sí.

Ó ní, "Jọ̀ọ́, má sọ ọ́ níbí. Wọn ò mọ ẹni tí mo jẹ́. Àwọn ọmọ mi gan-an ò mọ̀."

Mo fọwọ́ kàn án léjìká, mo jáde. Èmi ò lè bọ́ àwọ̀ mi sílẹ̀ bí mo bá ń lọ síbi iṣẹ́, mo sì ti sunkún nítorí rẹ̀ rí. Lọ́jọ́ yẹn ni mo mọ̀ pé ẹni tó lè bọ́ tirẹ̀ sílẹ̀ náà ń sunkún, kò kàn sí ẹni tó lè sun ún lójú rẹ̀ ni.

Ayé ti yí, ẹ̀yin ọmọ mi. Wọ́n ti kọ́lé sórí àbàtà. Ní Woolwich, iṣu ńbẹ, ata ńbẹ, ẹ lè sọ Yorùbá láti àárọ̀ di alẹ́ kí ẹnikẹ́ni má wò yín. Ibi tí wọ́n ti ju òkúta lù wá, ọmọ wa ti ń gba ìbò níbẹ̀. Inú mi dùn sí i, èmi náà dúpẹ́. Ṣùgbọ́n ní àìpẹ́ yìí, obìnrin Rómánì kan mú ọmọ rẹ̀ wọ ṣọ́ọ̀ṣì wa lọ́jọ́ Àìkú, ó jókòó sẹ́yìn. Àwọn tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ fa báàgì wọn mọ́ra. Ọ̀kan nínú àwọn tó ń júwe ìjókòó fún èèyàn, ọmọ Yorùbá bíi tèmi, lọ dúró tì í, ó ń ṣọ́ ọwọ́ rẹ̀ títí tó fi dìde tó mú ọmọ rẹ̀ jáde. Mo dìde láti tẹ̀lé wọn, orúnkún mi kò yá, kí n tó dé ìta wọ́n ti lọ. Nígbà tí mo padà wọlé, tí mo bi ọ̀dọ́mọkùnrin náà pé kí ló rí lọ́wọ́ obìnrin yẹn, ó bọ̀wọ̀ fún mi, ó ní, "Mummy, ẹ ò mọ irú èèyàn tí wọ́n jẹ́ ni."

Wọ́n ti ti ilẹ̀kùn mọ́ wa rí ní ìlú yìí. Báyìí, àwa náà ti ní ilẹ̀kùn.