Ìyá Mi àti Ọlọ Aládùúgbò

Kò tíì pẹ́ tí a gbòmìnira, ilé tuntun ṣẹ̀ṣẹ̀ ń kún Bódìjà. Èmi fúnra mi ni mo bẹ ìyàwó tíṣà tí ilé rẹ̀ kángun sí tiwa pé kó máa bá mi yọjú sí ìyá mi lọ́sàn-án tí mo bá wà níbi iṣẹ́. Ẹni a ní kó fẹ́ni lójú, ata ló fi sẹ́nu. Kò pẹ́ tí màámi fi sọ ẹ̀yìnkùlé rẹ̀ di ilé.

Kí ni mi ò ṣe fún wọn? Láti ìgbà tí mo ti mú wọn wá láti abúlé, mi ò jẹ́ kí wọ́n fọwọ́ kan ìgbálẹ̀. Mo ra àga onítìmùtìmù fún wọn. Bí wọ́n bá yọjú sí ilé ìdáná, màá ní, "Màámi, ẹ lọ jókòó jẹ́ẹ́, ẹ ti ṣe tiyín." Ẹ̀wà ọ̀lẹ̀lẹ̀, ẹ̀rọ ni mo ń gbé e lọ, kó lè tètè yá.

Ìyàwó tíṣà ò mọ ọ̀nà ẹ̀rọ. Ọlọ ló ní, lábẹ́ igi máńgòrò. Bí mo bá ti ibi iṣẹ́ dé, ẹ̀rín màámi ni màá máa gbọ́ lódìkejì ọgbà, ẹ̀rín tí wọn kì í rín nílé mi. Lọ́jọ́ kan mo yọjú. Màámi bẹ̀rẹ̀ sórí ọlọ, wọ́n ń lọ ẹ̀wà, òógùn bò wọ́n. Obìnrin yẹn jókòó, ó ń nu ewé eéran, ó sì ń pè wọ́n ní "màámi." Màámi ta ni? Owú jẹ mí.

Bí wọ́n ṣe wọlé ni mo bẹ̀rẹ̀. "Màámi, torí kẹ́ ẹ lè sinmi ni mo ṣe mú yín wá. Ẹ wá lọ di ọmọ ọ̀dọ̀ ẹlòmíràn."

Wọ́n ní, "Òun máa ń bi mí bí iyọ̀ bá tó. Ìwọ, àlejò lo fi mí ṣe."

Ọ̀rọ̀ yẹn wọ̀ mí lára. Nígbà tó di Sátidé, mo ra ọlọ, mo rẹ ẹ̀wà, mo gbé e kalẹ̀ níwájú wọn. "Màámi, ẹ bá mi lọ̀ ọ́." Wọ́n sán aṣọ mọ́dìí. Wọ́n lọ̀ ọ́, wọ́n ń bú mi pé ewé tí mo pọ́n ń jò. Èébú náà dùn mọ́ mi. Mo ní mo ti gba ìyá mi padà.

Ọ̀lẹ̀lẹ̀ jinná. Màámi mú èyí tó tóbi jù sínú abọ́, wọ́n nà án sí mi. Mo na ọwọ́ méjèèjì.

"Gbé e fún ọmọ mi lódìkejì," ni wọ́n wí, "kó tó tutù."

Èmi tí wọ́n bí, mo gbé abọ́, mo sì lọ.