Ta Ló Gbọ́ Nígbà tí Ìyá Mi Pè?

Ní nǹkan bí ọdún márùn-ún kí òmìnira tó dé, tí mo jẹ́ tíṣà ní Ìyàrá, wọ́n ṣiṣẹ́ abẹ ojú fún ìyá mi ní ilé ìwòsàn kan lápá Kàbà. Wọ́n fi báńdéèjì di ojú rẹ̀ méjèèjì. Wọ́n ní kò gbọdọ̀ dá dìde. Bí ó bá fẹ́ ohunkóhun, kí ó pe nọ́ọ̀sì. Ní ọjọ́ kẹta, lọ́sàn-án gangan, ó ṣubú láti orí bẹ́ẹ̀dì. Egungun itan rẹ̀ kán.

Mo lọ bá dókítà, òyìnbó kan tí kì í pariwo. Ó ṣí ìwé wọ́ọ̀dù fún mi. Nọ́ọ̀sì ti kọ ọ́ síbẹ̀ pé: “A kìlọ̀ fún un, kò gbọ́. Ó dá dìde.” Mo padà lọ sọ ọ́ fún ìyá mi.

“Irọ́ ni,” ni ó wí. “Mo pè, mo pè, mo tún pè. Ìtọ̀ ń gbọ̀n mí. Ṣé kí n wá tọ̀ sórí bẹ́ẹ̀dì bí ọmọ ọwọ́ ni?”

Mo padà lọ sọ èyí fún dókítà, ó sì fi sùúrù gbọ́ ọ. Ó ní, “Tíṣà, ìyá rẹ ní òun pè. Nọ́ọ̀sì ní kò sí ẹni tó pè. Ta ló tún gbọ́?”

Mo ti rò pé ẹsẹ̀ tó kán tó ẹ̀rí. Àmọ́ ẹsẹ̀ tó kán kò lè sọ ju pé ènìyàn ṣubú; kò lè sọ ohun tó fà á.

Ìyá mi ló rántí obìnrin kan tó wà lórí bẹ́ẹ̀dì tó kángun sí tirẹ̀, tí wọ́n ti dá padà sílé ní Ponyan. Mo wọ lọ́rì lọ síbẹ̀ ní Sátidé. Mo bá a lẹ́nu ọ̀nà ilé rẹ̀, ó ń bó ẹ̀gúsí, báńdéèjì ṣì wà lẹ́sẹ̀ rẹ̀.

“Okun o, màmá,” ni mo fi kí i.

“Okun o, ọmọ mi.”

Mo sọ ohun tó gbé mi wá. Ó gbé igbá sílẹ̀.

“Ó pè lẹ́ẹ̀mẹta. Èmi náà bá a pè. Ṣùgbọ́n nọ́ọ̀sì yẹn ló ń fọ egbò ẹsẹ̀ mi lójoojúmọ́, kò sì yínmú sí òórùn rẹ̀. Ṣé o fẹ́ kí n gba iṣẹ́ lọ́wọ́ ọmọ ọlọ́mọ ni?”

Mo ní òótọ́ nìkan ni mo fẹ́.

“Bó bá jẹ́ òótọ́ ni, gbogbo rẹ̀ ni n ó sọ.”

Ó wá sí ilé ìwòsàn lọ́jọ́ Ajé. Dókítà kò jẹ́ kí n túmọ̀, nítorí ọ̀ràn ìyá mi ni. Akọ̀wé ilé ìwòsàn ló túmọ̀. Obìnrin náà sọ gbogbo ohun tó sọ fún mi. Lẹ́yìn náà ó yíjú sí nọ́ọ̀sì, tí dókítà ti pè wá síbẹ̀.

“Ìwọ nìkan ni wọ́n fi sílẹ̀ pẹ̀lú gbogbo wa. O wà lọ́dọ̀ aboyún tó ń rọbí ní yàrá kejì. Mo gbọ́ igbe tirẹ̀ náà.”

Nọ́ọ̀sì bú sẹ́kún. Ó ní òun gbọ́ tí wọ́n ń pe òun. Ìbẹ̀rù ló jẹ́ kí òun kọ ohun tí òun kọ.

Dókítà kò ya ojú ìwé náà. Ó fa ìlà sórí ọ̀rọ̀ ti tẹ́lẹ̀, ó kọ òótọ́ sábẹ́ rẹ̀, ó sì fọwọ́ sí i. Kò lé nọ́ọ̀sì. Kí oṣù tó parí, nọ́ọ̀sì kejì ti dé sí wọ́ọ̀dù náà.

Inú bí mi pé kò ju bẹ́ẹ̀ lọ. Mo sọ ọ́ fún ìyá mi.

“Wọn kò pè mí ní olóríkunkun mọ́,” ni ó wí. “Ìyẹn ni mo fẹ́.”

Egungun náà jinná, ṣùgbọ́n kò tọ́. Ó ń tiro lọ sóko, a kì í sì í bá a sọ̀rọ̀ nípa ẹsẹ̀ náà.