Kọjá, Mo Rí Ẹ

Ẹni tó kọ́ mi ní ṣẹ́ẹ̀sì ló fi ṣẹ́ẹ̀sì dá mi lóró. Mo tètè sọ ọ́ kí ẹ má baà rò pé ìtàn ọ̀rẹ́ méjì ni mo fẹ́ sọ. Ọ̀rẹ́ kan ṣoṣo ló wà nínú rẹ̀, èmi sì ni.

Iyàrá kan là ń gbé ní Joju, èmi àti obìnrin tí mò ń pè ní ẹ̀gbọ́n mi. Ìyá kan ò bí wa o. Ìpínlẹ̀ Ọ̀ṣun la ti wá, iṣẹ́ ló pa wá pọ̀ ní Sàngó Ọ̀tà, a sì jọ ń jẹ nínú ìkòkò kan. Ó jù mí lọ, nítorí náà mi ò fi ọjọ́ kan pè é ní "ìwọ". "Ẹ̀gbọ́n mi, ṣé ẹ jí ire?" "Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ jẹ́ ká máa lọ." Kódà tí inú bá ń bí mi, ẹnu mi kì í gbé "ẹ" àti "yín" jù sílẹ̀. Bí wọ́n ṣe tọ́ mi nìyẹn.

Ilé iṣẹ́ tí wọ́n ti ń ṣe ìdérí ìgò làwa méjèèjì ti ń ṣiṣẹ́, kázúà sì ni wá. Ẹni tó bá mọ Ọ̀tà mọ ohun tí kázúà jẹ́: láràárọ̀, ẹnu géètì lẹ ó ti tò, wọn á ka iye tí wọ́n bá fẹ́ wọlé, àwọn yòókù á máa lọ sílé. Sítáàfù ní tirẹ̀ á gbé káàdì kọ́rùn, bọ́ọ̀sì ilé iṣẹ́ á gbé e wọlé, tí àìsàn bá sì ṣe é, iṣẹ́ rẹ̀ á dúró dè é. Ibà dá mi dùbúlẹ̀ lẹ́ẹ̀kan. Nígbà tí mo fi padà, ẹlòmíràn ti wà nídìí ẹ̀rọ mi, wọ́n sì ní kí n lọ dúró ní géètì bí ẹni tí wọn ò rí rí. Láti ọjọ́ náà, kò sí ohun tí mo fẹ́ láyé yìí bíi káàdì yẹn.

Ẹ̀gbọ́n mi ti kọ́ ṣẹ́ẹ̀sì nígbà tó wà ní Póòlì. Pátákó rẹ̀ ti gbó, púpọ̀ nínú àwọn ọmọ ogun orí rẹ̀ sì ti sọnù, la bá fi ìdérí ìgò tí ilé iṣẹ́ dà nù dípò wọn, pupa fún mi, búlúù fún un. Ọjọ́ ìsinmi lẹ́yìn ṣọ́ọ̀ṣì ló ń kọ́ mi. Ó ní ọba kì í rìn ju ẹsẹ̀ kan lọ, bí àgbàlagbà tí orúnkún ń dùn. Ayaba ló ń lọ síbi tó wù ú. Bíṣọ́ọ̀bù ń gba igun dé igun, ẹṣin nìkan ló sì lè fo orí ẹlòmíràn. Ọmọ ogun ò mọ̀ ju iwájú lọ, kì í padà sẹ́yìn láé. Ẹni tó bá wà ní igun iwájú rẹ̀, lọ́tùn-ún tàbí lósì, ló lè pa. Tó bá wá rìn títí dé ìdí ilé ọ̀tá, ó di ayaba. Mo fẹ́ràn ọmọ ogun ju gbogbo wọn lọ. Ẹ̀yin náà mọ ìdí.

Ayò ni bàbá mi fi tọ́ mi dàgbà, nítorí náà ọwọ́ mi yá. Nínú ayò, ọ̀ta là ń pe ẹni tó mọ̀ ọ́n ta, ọ̀pẹ sì lẹni tí wọ́n ń nà. Ẹ̀gbọ́n mi á nà mí tán, á ní, "Ọ̀pẹ! O wà ní Ọ̀tà, o ò tíì di ọ̀ta." Àwa méjèèjì á sì rẹ́rìn-ín.

Kì í ṣe ìrìn nìkan ló ń kọ́ mi. Ó kọ́ mi ní bí wọ́n ṣe ń bẹ̀rẹ̀ lọ́nà tí wọ́n ń pè ní Ìtàlì: ọmọ ogun iwájú ọba á bọ́ síta, ẹṣin á tẹ̀lé e, bíṣọ́ọ̀bù á wá dojú kọ ibi tó rọ̀ jù lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọba ọ̀tá. Ó ń sọ̀rọ̀ àwọn ọ̀gá ilẹ̀ Rọ́ṣíà àti Kúbà bí ẹni pé wọ́n jọ gbé Joju. Ó ní Íńdíà ni eré náà ti ṣẹ̀, ó gba Páṣíà dé ọ̀dọ̀ àwọn Lárúbáwá kó tó dé Yúróòpù. Ó ní ẹnikẹ́ni kì í pa ọba nínú rẹ̀, wọ́n kàn ń há a mọ́ ni. Ìyẹn wọ̀ mí lára, torí nílẹ̀ tiwa náà, ọba kì í kú. Ó ní láyé àtijọ́, ẹsẹ̀ kan ṣoṣo lọmọ ogun ń rìn, àmọ́ eré náà ń pẹ́ jù, ni wọ́n bá ní kó máa fo ẹsẹ̀ méjì nígbà tó bá ń kúrò nílé. Ibẹ̀ ló ti máa ń dákẹ́. Mi ò mọ̀ pé ìtàn náà ṣì kù.

Ó ní àṣà kan. Tí ọmọ ogun rẹ̀ bá ti wọ ilẹ̀ mi, tí mo wá fo tèmi ní ẹsẹ̀ méjì kọjá lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, á wò ó, á mirí, á ní, "Kọjá, mo rí ẹ." Ẹ̀fẹ̀ ni mo kà á sí. Ó wá di ọ̀rọ̀ ilé wa. Tí mo bá fẹ́ gba ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ lọ pọn omi, "Kọjá, mo rí ẹ." Tí mo bá yọ́ mú ẹran nínú ìkòkò, "Kọjá, mo rí ẹ." Ká má parọ́, mo fẹ́ràn láti máa gbọ́ ọ. Ó ń ṣe mí bíi pé mo ní ẹni tó ń ṣọ́ mi ní ìlú tí mi ò ti ní ẹbí.

Ọ̀gá àgbà ilé iṣẹ́ wa, ará Íńdíà kan tó fẹ́ràn ṣẹ́ẹ̀sì ju oúnjẹ lọ, wá sọ lọ́jọ́ kan pé àwọn ilé iṣẹ́ agbègbè wa fẹ́ figagbága, òun sì ń wá obìnrin kan tó máa ta ṣẹ́ẹ̀sì fún wa. Sítáàfù nìkan ló lè ṣojú ilé iṣẹ́, àwọn obìnrin tó jẹ́ sítáàfù ò sì mọ̀ ọ́n ta. Ló bá ní kázúà tó bá mókè, òun á sọ ọ́ di sítáàfù. Àwa méjì péré la yọjú.

Ẹ̀rù bà mí. Mo sọ fún ẹ̀gbọ́n mi pé ká má jẹ́ kí ọ̀rọ̀ káàdì ba àárín wa jẹ́. Ó gbá mi mọ́ra. "Ẹni yòówù kó gbà á nínú wa," ó ní, "ilé wa ló gbà á." Mo gbà á gbọ́.

Ilé oúnjẹ ilé iṣẹ́ la ti ta á, lọ́sàn-án. Ọ̀gá jókòó bí adájọ́, àwọn kázúà pé lé wa lórí. Ìtàlì ni mo fi bẹ̀rẹ̀. A jẹ ara wa títí tí kò fi ku ohun kan lórí pátákó ju ọba méjèèjì àti ọmọ ogun díẹ̀. Ọmọ ogun mi kan ṣì wà nílé létí pátákó, kò tíì rìn rárá. Tirẹ̀ kan ti wọ ilẹ̀ mi. Tèmi mìíràn dí i níwájú, ṣùgbọ́n ó ń ṣọ́ ojú ọ̀nà ẹni tó wà nílé yẹn. Tí mo bá rin ẹsẹ̀ kan, á pa á. Tí mo bá fo méjì, á kọjá, ọba rẹ̀ ò sì ní lè lé e bá kó tó di ayaba. Mo ti rí i tipẹ́. Nínú ọkàn mi, mo ti gbé káàdì kọ́rùn.

Mo fò ó. Ẹ̀gbọ́n mi wò ó, ó mirí.

"Kọjá," ó ní.

Mo rẹ́rìn-ín músẹ́.

"Mo rí ẹ," ó ní. Ó mú ọmọ ogun mi kúrò lórí pátákó, ó sì gbé tirẹ̀ síbi tí tèmi ì bá dúró ká ní ẹsẹ̀ kan ni mo rìn.

"Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ ṣì í ta," mo ní. "Ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ lẹ wà, ẹ ò lè pa á níbẹ̀."

Ojú ọ̀gá ló ń wò.

"Madam, na correct rule," ni ọ̀gá wí. Ó wá ṣàlàyé fún mi, Pijin díẹ̀, òyìnbó díẹ̀, ìdajì ìtàn tí ẹ̀gbọ́n mi ò sọ: pé nígbà tí wọ́n fún ọmọ ogun ní ẹsẹ̀ méjì, wọ́n ní kò gbọdọ̀ fìyẹn yọ́ kọjá lójú ẹni tó ń ṣọ́nà. Ẹni tó ń ṣọ́nà lè pa á bí ẹni pé ẹsẹ̀ kan ló rìn. Àmọ́ ojú ẹsẹ̀ ni. Tó bá jẹ́ kó kọjá, ó ti kọjá nìyẹn.

Ìdérí ìgò búlúù náà rìn wọ ilé mi, ó di ayaba. Mi ò tiẹ̀ mọ ìgbà tí ọba mi há. Gbogbo "Kọjá, mo rí ẹ" tí mo ti gbọ́ rí ló ń padà sí mi létí lọ́kọ̀ọ̀kan. Gbogbo ìgbà yẹn ló lè pa ọmọ ogun mi. Gbogbo ìgbà yẹn ló wò mí lójú, tó jẹ́ kí n kọjá, kí n má baà mọ̀. Ẹni tí a ní kó fẹ́ni lójú, ata ló fi sẹ́nu.

Nígbà tí a délé, ó bẹ̀rẹ̀ sí í fọ aṣọ lẹ́yìnkùlé. Mo lọ bá a.

"Ẹ̀gbọ́n mi, kí ló dé tí ẹ ò kọ́ mi?"

"Ṣé o bi mí ni?"

"Báwo ni mo ṣe fẹ́ béèrè ohun tí mi ò mọ̀ pé ó wà?"

"Ọ̀pẹ," ó ní, kò gbójú sókè, "tí mo bá kọ́ ẹ tán, kí ni màá fi nà ẹ́?"

Tó bá jẹ́ torí káàdì ni, ó lè yé mi. Ìyà kázúà ń jẹ òun náà. Àmọ́ nígbà tó ń kọ́ mi, kò sí ìdíje, kò sí káàdì. Pátákó nìkan ló wà láàárín wa. Kí ló wá ń pa á mọ́ fún? Mo bi í bẹ́ẹ̀ gan-an. Ó fún aṣọ, ó gbọ̀n ọ́n, ó sá a. Ìyẹn ló dùn mí ju káàdì lọ, pé láti ọjọ́ àkọ́kọ́ tó ti ń pè mí ní àbúrò ló ti ń múra sílẹ̀ dè mí.

Àwọn tí a jọ ń gbé ilé náà ní kí n gba kámú, pé eré lásán ni. Mo ní kí wọ́n fi mí sílẹ̀. Ẹ̀gbọ́n mi kó lọ kí oṣù náà tó parí, ó fi pátákó rẹ̀ sílẹ̀ fún mi, mo sì fi dáná. Kò tiẹ̀ jó dáadáa.

Láàárọ̀ ọjọ́ kan, mo wà lórí ìlà ní géètì nígbà tí bọ́ọ̀sì sítáàfù dé. Ó dúró díẹ̀ kí wọ́n ṣí géètì fún un. Ẹ̀gbọ́n mi wà lójú fèrèsé, káàdì lọ́rùn rẹ̀. Ó rí mi, ó sún gíláàsì sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan.

"Àbúrò mi," ó ní, "ṣé àlàáfíà lo wà?"

Gbogbo ìlà ń wò mí. Mo gbójú sókè.

"Kọjá," mo ní. "Mo rí ẹ."

Obìnrin tó wà lẹ́yìn mi fà mí láṣọ, ó ní ṣé bí mo ṣe ń bá ẹ̀gbọ́n mi sọ̀rọ̀ nìyẹn. Mo ní mi ò ní ẹ̀gbọ́n kankan ní Ọ̀tà.