Ìlà Tí A Tò sí Etí Ọ̀nà

Ọmọ ọdún mọ́kànlá ni mí, àbúrò mi obìnrin sì jẹ́ ọmọ ọdún méje, nígbà tí Minna ṣẹ̀ṣẹ̀ di olú-ìlú ìpínlẹ̀. Ológun ló ń ṣe gómìnà wa. Bí ó bá ti fẹ́ gba ojú títì kọjá, wọn á dá ẹ̀kọ́ dúró, wọn á kó gbogbo wa lọ tò sí etí ọ̀nà kí a máa juwọ́ sí i.

Lọ́jọ́ kan, láti aago mẹ́jọ àárọ̀ la ti wà nínú oòrùn ní àdúgbò Tunga. Nígbà tó yá, àbúrò mi ní ìtọ̀ ń gbọ̀n òun. Mo bá a bẹ olùkọ́ tó ń ṣọ́ ìlà wa.

"Ẹnì kankan ò gbọdọ̀ kúrò lórí ìlà! Ṣé o fẹ́ kí wọ́n lé mi lẹ́nu iṣẹ́ ni?"

Àbúrò mi tọ̀ sára níbi tó dúró sí. Aago kan ọ̀sán ti kọjá kí ọkọ̀ gómìnà tó dé. Eré ló sá kọjá, gbogbo gíláàsì rẹ̀ ni wọ́n gbé sókè. Àwọn ọmọ wá ń pariwo tẹ̀lé wa délé: "Mai fitsari! Atọ̀sára!"

Ìyá mi wé gèlè, ó ní òun ń lọ bá wọn ní ilé-ìwé. Bàbá mi, tó jẹ́ akọ̀wé ìjọba, dí ẹnu ọ̀nà.

"Ìyá àwọn ọmọ mi, jọ̀ọ́. Ṣé o fẹ́ gbọ́ orúkọ mi lórí rédíò ni?"

Orí rédíò ni wọ́n ti ń lé òṣìṣẹ́ nígbà náà. Ìyá mi tú gèlè, ó jókòó. Ọ̀sẹ̀ méjì gbáko ni àbúrò mi kò fi lọ sí ilé-ìwé.

Mo dàgbà, mo di olùkọ́. Àwọn ológun ti padà sí bárékè, ìbò la fi ń yan gómìnà. Síbẹ̀, nígbà tí ẹni ńlá kan ń bọ̀ ní àdúgbò Maitumbi, èmi fúnra mi ni mo kó àwọn ọmọ kíláàsì mi lọ tò. Kò sẹ́ni tó halẹ̀ mọ́ mi. Ọmọbìnrin kan nawọ́ sókè.

"Malam, ìtọ̀ ń gbọ̀n mí."

"Dúró síbẹ̀. Ṣé o ò rí àwọn ẹgbẹ́ rẹ ni?"

Ìṣojú mi ni ìtọ̀ náà ti ṣàn wọ inú sálúbàtà rẹ̀.

Mo sọ ọ́ fún àbúrò mi.

"Bọ̀dá, ẹ̀yin náà?"

Inú ń bí mi títí dòní. Inú ń bí mi sí àwọn tó dójú ti ọmọ ọdún méje nítorí ọkọ̀ tó ń kọjá lọ. Èyí tó bí mi nínú jù ni pé wọn ò sí níbẹ̀ mọ́, àwa la ń bá wọn ṣe é. Àwọn ẹgbẹ́ mi tó di ọ̀gá ní ọ́fíìsì ń ṣe irú rẹ̀ fún òṣìṣẹ́ wọn, wọ́n ní ìbáwí ni. Ẹ jẹ́ kí n tún un ṣe fún wọn: ìbẹ̀rù ni.

Ẹ̀yin olùkọ́, ẹ̀yin òbí, mo bẹ̀ yín, ẹ fi tèmi kọ́gbọ́n. Bí ọmọ bá ní òun fẹ́ kúrò lórí ìlà, ẹ jẹ́ kó lọ, ẹni yòówù kó máa bọ̀.