Dírẹ́bà Tí Kò Ní Onídùúró

Tí mo bá rántí ṣọ́ọ̀bù kọ̀ǹpútà tí mo kọ́kọ́ ní ní Ìkirè, òórùn dòdò ló máa ń kọ́kọ́ wá sí mi nímú. Àwọn tó ń dín in wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi gan-an, létí ọ̀nà tó lọ sí Ifẹ̀. Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ parí iṣẹ́ kíkọ́ nígbà náà ni. Mo so fíláàṣì mẹ́ta mọ́ ọrùn bí ẹni so ìlẹ̀kẹ̀, mo sì kọ ọ́ sára ògiri pé kò sí àìsàn kọ̀ǹpútà tí mi ò lè wò. Ọ̀gá tó kọ́ mi níṣẹ́ rí àkọlé náà, ó ní kí n fi "bí Ọlọ́run bá fẹ́" kún un. Mo ní àyè ò tó mọ́.

Obìnrin kan wá láti Apòmù lọ́jọ́ kan. Ìyá Ọlọ́kọ̀ ni gbogbo èèyàn ń pè wọ́n, nítorí pé wọ́n ní bọ́ọ̀sì méjì tó ń ná Ìkirè sí Gbọ̀ngán. Wọ́n gbé kọ̀ǹpútà àtijọ́ kan dání, èyí tí ọmọ wọn ọkùnrin fi sílẹ̀ nígbà tó ń lọ sókè òkun. Ẹnìkan ti bá wọn tún un ṣe, ó ń tàn dáadáa, àmọ́ láti ọjọ́ náà kò sọ̀rọ̀ mọ́. Ohùn gan-an ni wọ́n sì ń wá nínú rẹ̀. Ọmọ wọn ti gba ohùn ìyá tó bí Ìyá Ọlọ́kọ̀ sílẹ̀ síbẹ̀, níbi tí ìyá arúgbó náà ti ń ki oríkì agboolé wọn láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Ìyá arúgbó ti kú, kò sì sí ẹlòmíràn nínú agboolé tó mọ oríkì náà tán. Àràárọ̀ ni Ìyá Ọlọ́kọ̀ máa ń tẹ́tí sí i tẹ́lẹ̀ kí wọ́n tó jáde.

Mo yẹ̀ ẹ́ wò. Mo ní, "Màmá, dírẹ́bà ohùn rẹ̀ ni kò sí mọ́."

Wọ́n wò mí. "Kọ̀ǹpútà náà ń lo dírẹ́bà?"

Mo ṣàlàyé pé kì í ṣe èèyàn, pé ohun kékeré kan tí a máa ń fi sínú kọ̀ǹpútà ni, kí ó lè mọ bí yóò ṣe gbé ohùn jáde. Mo ní kọ̀ǹpútà náà ti pẹ́, àwọn tó ṣe é kò tọ́jú dírẹ́bà rẹ̀ sórí íńtánẹ́ẹ̀tì mọ́, àmọ́ ẹlòmíràn á ní in.

"Ta ni ẹlòmíràn ọ̀hún?"

"Mi ò mọ̀ wọ́n, Màmá. Orí íńtánẹ́ẹ̀tì ni wọ́n wà."

"Ta ló wá dúró fún un? Èmi ò lè kó kọ́kọ́rọ́ mọ́tò mi fún dírẹ́bà tí ò ní onídùúró. Tó bá gbé e sá lọ, ilé ta ni n ó lọ?"

Mo rẹ́rìn-ín débi pé àwọn onídòdò yọjú wò wá. Mo ní ọ̀rọ̀ kọ̀ǹpútà yàtọ̀ sí ti gáréèjì. Ìyá Ọlọ́kọ̀ ní ó dáa, ọmọdé gbọ́n, àgbà gbọ́n, ni a fi dá Ilé-Ifẹ̀. Mo rò pé wọ́n ń yìn mí ni.

Kí n sọ òtítọ́, iṣẹ́ ọjọ́ náà kò gba dírẹ́bà kankan. Fáìlì ohùn náà wà níbẹ̀ láìyingin. Ká ní mo fi ọ̀kan nínú fíláàṣì ọrùn mi dà á kọ, tí mo gbé e sórí fóònù wọn, wọn ì bá ti máa gbọ́ ìyá wọn kí dòdò orí iná tó jinná. Ṣùgbọ́n iṣẹ́ tó rọrùn báyẹn kò wù mí. Mo fẹ́ kí kọ̀ǹpútà náà sọ̀rọ̀, kí wọ́n lè mọ̀ pé mo mọṣẹ́. A kì í mọ̀ ọ́n rìn kí orí má mì, orí tèmi sì mì dáadáa.

Mo wá a títí mo fi kan sáìtì kan tó ní òun ní ohun tó ń bá gbogbo kọ̀ǹpútà àtijọ́ wá dírẹ́bà, lọ́fẹ̀ẹ́. Bọ́tìnì aláwọ̀ ewé mẹ́rin ló wà níbẹ̀, gbogbo wọn ló ní kí n tẹ àwọn. Mo tẹ èyí tó tóbi jù. Bí mo ṣe fẹ́ fi í sínú kọ̀ǹpútà, ètò tó ń ṣọ́ kọ̀ǹpútà pariwo pé ewu ni. Sáìtì náà ti kọ ọ́ tẹ́lẹ̀ pé yóò pariwo, pé kí n kọ́kọ́ pa á. Mo pa á. Àlejò tó ní ká lé ajá wa jáde kí òun tó wọlé, òmùgọ̀ nìkan ni kò ní fura sí i.

Kò pẹ́, ohùn dé. Ìyá arúgbó wúkọ́ lẹ́ẹ̀kan, ó bẹ̀rẹ̀ oríkì. Ìyá Ọlọ́kọ̀ kúnlẹ̀ níwájú tábìlì mi bí ẹni pé ìyá wọn jókòó síbẹ̀. Wọ́n gbàdúrà fún mi, wọ́n gbé kọ̀ǹpútà wọn padà sí Apòmù.

Ní ọjọ́ kẹta, wọ́n ní kí ọ̀kan nínú àwọn awakọ̀ wọn gbé e wá fún mi. Gbogbo fáìlì inú rẹ̀ ti yí orúkọ padà, kò sí èyí tó ṣí. Ìwé kan ló wà lójú rẹ̀ lédè Gẹ̀ẹ́sì, pé ẹni tó bá fẹ́ fáìlì rẹ̀ kó wá sanwó. Ohun tí mo gbé wọlé mú dírẹ́bà wá lóòótọ́, ó sì mú olè dání. Mo gbé e lọ sọ́dọ̀ ọ̀gá mi. Ó ní kò sí ohun tí òun lè ṣe sí i, pé ẹni tó tilẹ̀ sanwó fún irú wọn lè má rí nǹkan gbà. Ó wá bi mí pé, "Ṣé o da nǹkan inú ẹ̀ kọ kí o tó fọwọ́ kàn án?" Mo bọ́ fíláàṣì mẹ́ta kúrò lọ́rùn, kò sí ọ̀kan tí mo fi dà á kọ.

Mo lọ sí Apòmù fúnra mi. Mo dọ̀bálẹ̀ ní ọ̀dẹ̀dẹ̀ wọn, mo sọ ọ́ bó ṣe rí. Ọmọ wọn kò ní ẹ̀dà ohùn náà mìíràn lọ́wọ́. Ìyá Ọlọ́kọ̀ sunkún díẹ̀, wọ́n fi ìborùn nu ojú. Ojú tì mí ju bí mo ṣe lè sọ lọ.

"Dìde," ni wọ́n wí. "Omi ló dànù, agbè ò fọ́. Mú fóònù ẹ jáde, kí n ki èyí tí mo bá rántí."

Wọ́n ń kì í lọ geere. Nígbà tó yá, wọ́n dákẹ́. Wọ́n padà sẹ́yìn, wọ́n tún kì í dé ibẹ̀, wọ́n tún dákẹ́. "Orúkọ bàbá kan ló yẹ kó wà níbí," ni wọ́n wí. "Ó ti lọ." Wọ́n fo ibẹ̀, wọ́n ki ìyókù tán.

Ó ti pẹ́. Lónìí, mi ò jẹ́ fọwọ́ kan kọ̀ǹpútà ẹnikẹ́ni láìda ohun inú rẹ̀ kọ. Ọ̀dọ̀ ẹni tó ṣe kọ̀ǹpútà ni mo ti ń gba dírẹ́bà rẹ̀, bí kò bá sì sí níbẹ̀ mọ́, mo máa ń sọ fún oníbàárà pé kò sí. Àwọn kan máa ń bínú lọ sí ṣọ́ọ̀bù mìíràn.

Mo gé ìdákẹ́ àkọ́kọ́, àtúnkì àti ọ̀rọ̀ tí wọ́n sọ láàárín kúrò nínú ohùn Ìyá Ọlọ́kọ̀, mo fi èyí tó ń lọ geere fún àwọn ọmọ wọn, àmọ́ mi ò yọ ìdákẹ́ kejì kúrò níbi tí orúkọ bàbá náà yẹ kó wà. Nígbà tí wọ́n ń sin ọmọ-ọmọ wọn lọ sílé ọkọ láìpẹ́ yìí, ọmọbìnrin kan tó kọ́ oríkì náà láti inú fóònù ló ki ìyàwó. Bó ṣe dé ibẹ̀, ó dákẹ́ díẹ̀, gẹ́gẹ́ bó ṣe gbọ́ ọ, kó tó tẹ̀síwájú. Àwọn àlejò rò pé bí oríkì náà ṣe rí nìyẹn. Ìyá Ọlọ́kọ̀ wò mí láti ibi tí wọ́n jókòó sí, mo sì tẹríba. Bàbá kan nínú agboolé yẹn kò ní orúkọ mọ́, èmi ni mo sì gbà á lọ́wọ́ rẹ̀.