Téèpù Tí Bàbá Wa Ní Òun Ti Sun

Ẹ má bínú pé "ó" ni mò ń pe bàbá mi nínú ọ̀rọ̀ yìí, tí n kò pè é ní "wọ́n". Ẹ gbọ́ ọ tán ná kí ẹ tó bá mi wí.

Akáyín ni gbogbo àdúgbò ń pe ẹ̀gbọ́n mi ọkùnrin. Bàbá wa ló yọ eyín ọ̀hún. Ọmọ ọdún mẹ́sàn-án ni ẹ̀gbọ́n mi nígbà náà, ikú ìyá wa kò sì tíì pé ọdún kan. Kátúùnù àwọn ará Japan kan wà tí tẹlifíṣọ̀n máa ń ṣe ní ìrọ̀lẹ́, tí wọ́n fi èdè wa sọ, nípa ọmọbìnrin kan tó ń fò kiri ojú ọ̀run, tó ń wá ilé. Lọ́jọ́ tí apá kẹrìndínlọ́gbọ̀n, èyí tó kẹ́yìn, máa jáde, kò sí téèpù òfìfo nílé tí a lè fi gbà á sílẹ̀. Ẹ̀gbọ́n mi bá mú fídíò ìgbéyàwó àwọn òbí wa. Oníkámẹ́rà ti ṣẹ́ eyín ẹ̀yìn kásẹ́ẹ̀tì náà kí ẹnikẹ́ni má baà gba nǹkan lé e lórí, àmọ́ ọmọ yìí fi sẹ́lótéèpù dí ihò rẹ̀.

Bí kátúùnù ṣe parí báyìí ni bàbá wa wọlé. Ó fa téèpù yọ, ó gbá ọmọ lẹ́nu mọ́ etí tábìlì, eyín méjì bọ́ sílẹ̀. Ó ní òun ti sun téèpù náà. Láti ọjọ́ yẹn, bẹ́líìtì ni ẹ̀gbọ́n mi ń jẹ láàárọ̀, bẹ́líìtì ló ń jẹ lálẹ́. "Ìwọ lo pa ìyá rẹ lẹ́ẹ̀kejì," lorin tí bàbá fi ń nà án.

Ẹ̀gbọ́n mi dàgbà, ó di atúnfídíò-ṣe. Ó ń kó kásẹ́ẹ̀tì àtijọ́ jọ nílé onílé, ó ń fi òwú àti sípíríìtì nu èbu ara wọn, ó sì ń gbé kátúùnù inú wọn lọ sí ibi ìpamọ́ kan lórí íńtánẹ́ẹ̀tì, kí ó má baà parun. Àwọn iléeṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n gan-an ti gba eré bọ́ọ̀lù lé tiwọn lórí. Nínú kátúùnù tiwa, ó rí apá márùndínlọ́gbọ̀n. Obìnrin tó ń bójú tó ibi ìpamọ́ náà, tí kò gbọ́ èdè wa rárá, ń béèrè èyí tó kù lóṣooṣù. "Ó ti jóná," ni ẹ̀gbọ́n mi máa ń sọ.

Irọ́ ńlá ni bàbá wa pa! Mò ń gbá yàrá bàbá wa lọ́jọ́ Sátidé kan ni mo rí i nínú àpótí irin lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì, tòun ti sẹ́lótéèpù lẹ́yìn. Ọgbọ̀n ọdún! Inú bí mi débi pé tìgbálẹ̀-tìgbálẹ̀ ni mo fi sáré gbé e dé ṣọ́ọ̀bù ẹ̀gbọ́n mi.

Ẹ̀gbọ́n mi gbé e síbi ìmọ́lẹ̀. Ibi tí téèpù náà dúró sí lọ́jọ́sí ló ṣì wà.

"Wò ó," ló wí. "Kátúùnù ló wà lápá ọ̀tún yìí. Tòsì yìí, n ò fọwọ́ kàn án. Ìgbéyàwó ni."

"Ìyá wa wà níbẹ̀?"

"Ìyá wa wà níbẹ̀."

Ọmọ ọwọ́ ni mí nígbà tó kú. N ò mọ ohùn ìyá mi.

Àfi gbàà! Bàbá wa ti rí àpótí tó ṣófo, ó ti já wọlé tòun ti òòlù.

"Bàbá, ẹ jọ̀ọ́, ìyá wa ṣì wà nínú—" ni ẹ̀gbọ́n mi ń bẹ̀ ẹ́.

"Òpùrọ́! O ti pa á rẹ́!"

Ó kọ́kọ́ fọ́ tẹlifíṣọ̀n kan. Ẹ̀gbọ́n mi na ọwọ́ kan, ó fi bo kásẹ́ẹ̀tì lórí tábìlì, àmọ́ àtẹ́lẹwọ́ kan ò lè bò ó tán. Òòlù bà lé òsì, ike fò kiri. Ó tún bà lé ìka ẹ̀gbọ́n mi. Mo gbọ́ bí egungun ṣe dún. Kò gbé ọwọ́ rẹ̀. Bàbá wa já rìlì òsì gbà, kẹ̀kẹ́ kékeré tí téèpù ká mọ́, ó sọ ọ́ sílẹ̀, ó da sípíríìtì lé e lórí. Ó ní òun á sun ún lóòótọ́ lónìí. Ó ṣáná sí i.

Mo na bàbá mi. Igi ìgbálẹ̀ ni mo fi nà án lẹ́yìn títí igi fi ṣẹ́. Ẹ lè bá mi wí báyìí.

Lọ́sàn-án ọjọ́ kejì, ẹ̀gbọ́n mi, tí wọ́n ti fi báńdéèjì di ìka rẹ̀ méjì, fi rìlì ọ̀tún sínú kásẹ́ẹ̀tì mìíràn, èmi ni mo bá a de nọ́ọ̀tì rẹ̀. Bàbá wa wá jókòó sẹ́nu ọ̀nà. A ò kí i. Kátúùnù ṣe láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin, ọmọbìnrin náà délé. Lójijì ni àwòrán ya, obìnrin kan tó wọ aṣọ funfun yíjú sí wa, ó ń rẹ́rìn-ín.

"Ẹ gbọ́ o," ló wí, "ẹ jẹ́ n sọ ọ́ lójú gbogbo yín pé ọkọ mi yìí—"

Ó parí síbẹ̀. Ìṣẹ́jú àáyá mọ́kànlá.

"Ẹ̀gbọ́n," mo ní, "kí ló dé tó jẹ́ ọ̀tún lẹ bò?"

Ó wo ọwọ́ tí wọ́n dì. "N ò mọ̀. Ibẹ̀ lọwọ́ mi lọ."

Mo bá kọjú sí bàbá wa. "Ẹ̀yin lẹ dúró tì í. Kí ni màmá wa sọ nípa yín?"

Ó ní ká dá a padà, ká tún wò ó. Ẹ̀ẹ̀meje la tún un wò. Nígbà keje, ó ń fi ìkúùkù lu orí ara rẹ̀, ó ń ké pé, "N ò rántí! Ẹ gbà mí, n ò rántí mọ́!"

Ẹnì kankan nínú wa ò dá ọwọ́ rẹ̀ dúró. Ẹ̀gbọ́n mi fi kátúùnù náà ránṣẹ́ síbi ìpamọ́, kò sì gé ìṣẹ́jú àáyá mọ́kànlá náà kúrò.